Bàbá Téèpù àti Èjìká Tó Rí Lójú Pópó

Bí ẹ bá pàdé Bàbá Téèpù lójú ọ̀nà tí ẹ sì kí i, kò ní wo ojú yín. Èjìká yín ni yóò kọ́kọ́ wò, á wo ìbàdí, lẹ́yìn náà ni yóò tó dáhùn: "Ha, ìwọ ni. O ti sanra o." Ẹni tó bá gbé ìyàwó wọ àdúgbò wa tí kò tíì mú un lọ rán aṣọ lọ́dọ̀ Bàbá Téèpù, kí onítọ̀hún yáa mọ̀ pé lójú ọkùnrin náà, àpọ́n ṣì ni òun. Kì í ṣe ìgbéraga. Bí ènìyàn bá ti fi ọ̀pọ̀ ọdún wọn ara ẹlòmíràn, ojú á kàn di ohun tí Ọlọ́run fi dí òkè ọrùn ni.

Téèpù náà kì í kúrò lọ́rùn rẹ̀. Ó ń gbé e lọ síbi ìgbéyàwó, ó ń gbé e lọ síbi ìkómọ. Àwọn aláwàdà àdúgbò sọ pé ojú oorun pàápàá, ìyàwó rẹ̀ ló ń bá a tú u.

Ìyàwó ọ̀hún là ń pè ní Ìyá Bọ́tìnnì. Yàrá kan náà tó dojú kọ òpópónà ni àwọn méjèèjì ti ń ṣiṣẹ́. Ọkọ á gé aṣọ, á fi máṣínnì rán an pọ̀. Aya á gbà á, á fi ọwọ́ ṣẹ́ etí rẹ̀, á gán bọ́tìnnì sí i. Ọlọ́wọ́ òsì ni Ìyá Bọ́tìnnì. Nígbà tó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé ọkọ, ìyakọ rẹ̀ ní ẹni tó ń fi òsì ránṣọ yóò rán ire ilé dànù. Ó kúnlẹ̀, ó ní, "Ẹ fọkàn balẹ̀, Mà. Ọ̀tún ni mo fi ń gba ire wọlé." Láti ọjọ́ náà ni ìyakọ ti fi ọ̀rọ̀ òsì mọ sí ikùn. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá yẹ etí aṣọ tó ti ṣọ́ọ̀bù wọn jáde wò dáadáa, ẹ ó rí i pé ojú abẹ́rẹ́ rẹ̀ dà sí apá òdì, bí koríko tí atẹ́gùn fẹ́ láti ibi tí ẹnikẹ́ni ò retí.

Ọmọ kan ṣoṣo ni wọ́n bí, ọkùnrin ni. Nígbà tó wà ní kékeré, ó gun ògiri ilé ìwé, ó já bọ́, egungun èjìká òsì rẹ̀ sì ṣẹ́. Egungun náà jinná, ṣùgbọ́n kò jinná dọ́gba. Èjìká òsì sọ̀ kalẹ̀ ju ọ̀tún lọ. Àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ń pè é ní Òṣùwọ̀n, wọ́n ní ó dà bí òṣùwọ̀n tí wọ́n di ẹrù sí apá kan. Bàbá rẹ̀ gbọ́, kò bá ọmọ ẹnikẹ́ni jà. Ó kàn wọlé, ó gé ṣẹ́ẹ̀tì tuntun: ó tẹ́ aṣọ sí abẹ́ èjìká òsì, ó sì gé ọrùn rẹ̀ lọ́nà kan tí òun nìkan mọ̀, tó fi jẹ́ pé bí ọmọ náà bá wọ̀ ọ́, èjìká méjèèjì á gún régé. Láti ìgbà náà ni gbogbo ẹ̀wù ọmọ náà ti ní àṣírí yìí nínú. Bí ẹlòmíràn bá sì wọ ọ̀kan nínú wọn, èjìká òsì rẹ̀ á gbé sókè bí ti ẹni tí wọ́n bi ní ìbéèrè tí kò fẹ́ dáhùn.

Ọmọ yìí dàgbà, ó ní òun ò ránṣọ, ọkọ̀ ojú omi ni òun fẹ́ wà. A bẹ̀rẹ̀ sí í pè é ní Atukọ̀. Ó gbéyàwó, ìyàwó náà jẹ́ olùkọ́ àwọn ọmọ kéékèèké. Ìyàwó ni gbogbo ilé pè é lọ́jọ́ tó wọlé, Ìyàwó náà la sì ń pè é títí di òní. Ẹni tó bá wá orúkọ rẹ̀ wá sí àdúgbò wa, àfi kó padà lọ.

Nígbà tó yá, ọkọ̀ tí Atukọ̀ wà nínú rẹ̀ di ẹrù kúrò ní èbúté, kò sì gúnlẹ̀ síbi tó ń lọ. Wọ́n rí àgbá òróró tó léfòó. Wọ́n rí pákó. Wọ́n rí òkú àwọn mélòó kan nínú àwọn tí wọ́n jọ lọ. Wọn kò rí Atukọ̀.

Orí "wọn kò rí i" yìí ni Bàbá Téèpù kọ́lé sí. Ẹni tó bá fẹ́ bá a sọ̀rọ̀ ìtùnú, á kàn fa téèpù yọ ni, á ní, "Na apá rẹ." Ẹni náà á sì na apá. Kí onítọ̀hún tó mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀, wọ́n ti wọ̀n ọ́n fún ṣòkòtò tí kò ronú rẹ̀ rí, ọ̀rọ̀ ìtùnú á sì di ọ̀rọ̀ ìgbà tí aṣọ yóò jáde. Bí gbogbo àdúgbò wa ṣe di ẹni tó ń múra dáadáa nìyẹn.

Ọdún gorí ọdún. Ìyàwó ń gbé lọ́dọ̀ àna rẹ̀, ó ń lọ sí ilé ìwé, ó ń bọ̀. Ní ọjọ́ kan, iná ilé ìwé bàjẹ́, wọ́n ránṣẹ́ pe oníṣẹ́ iná. Ọkùnrin jẹ́jẹ́ kan ni, ìyàwó tirẹ̀ ti ṣaláìsí. Ó dé síbẹ̀, ó rí Ìyàwó, iṣẹ́ iná náà kò sì tán títí di òní. Nígbà tí ọ̀rọ̀ náà wá di ọ̀rọ̀ gidi, Oníná, bí a ṣe ń pe ọkùnrin náà, fẹ́ fẹ́ ẹ, òun náà fẹ́. Ṣùgbọ́n obìnrin tí ọkọ rẹ̀ kò kú kò lè fẹ́ ẹlòmíràn, kóòtù nìkan ló sì lè sọ pé ẹni tí a kò rí òkú rẹ̀ ti kú.

Ìyàwó kò yọ́ ọ ṣe. Ó kúnlẹ̀ síwájú àwọn méjèèjì nínú ṣọ́ọ̀bù, ó sọ ohun tó fẹ́ lọ ṣe ní kóòtù. Ìyá Bọ́tìnnì ń gán bọ́tìnnì rẹ̀ lọ. Bàbá Téèpù ní,

"Ṣé o rí òkú rẹ̀ ni?"

"Rárá, Bàbá."

"Èmi náà ò rí i. Dìde, ilẹ̀ tutù."

Kóòtù kékeré gbọ́ ẹjọ́ Ìyàwó, ó gbà pé Atukọ̀ ti kú. Kí inki ìwé náà tó gbẹ, Bàbá Téèpù ti wá lọ́yà kan tó ti rán kóòtù dúdú iṣẹ́ lọ́yà fún rí, ó sì kọ ìwé ẹ̀bẹ̀ sí ilé ẹjọ́ gíga: kí wọ́n fagi lé ìdájọ́ náà, ọmọ òun ò kú. Báyìí ni òfin ṣe gbé gbogbo wọn kọ́ sáàárín méjì. Níwọ̀n ìgbà tí ìwé ẹ̀bẹ̀ náà bá wà níwájú adájọ́, Atukọ̀ kò kú, kò sì yè. Ìyàwó kì í ṣe opó, kì í sì í ṣe aya. Oníná kì í ṣe ọkọ, kì í ṣe àlejò. Ó kàn ń wá tún iná ṣe.

Gíga ni wọ́n ń pe ilé ẹjọ́ náà, ṣùgbọ́n ilẹ̀ pẹrẹsẹ ló jókòó lé. Fáànù kan wà lókè orí adájọ́ tó ń yí bí ẹni tí wọ́n fi tipátipá mú wá ṣe ẹlẹ́rìí. Bí ọjọ́ ìgbẹ́jọ́ bá pé, àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta á jọ wọ ọkọ̀ kan náà lọ: Bàbá Téèpù tó pe ẹjọ́, Ìyàwó tí wọ́n pè lẹ́jọ́, àti Ìyá Bọ́tìnnì tó di oúnjẹ tí gbogbo wọn yóò jẹ. Ọjọ́ àkọ́kọ́ tí lọ́yà rí wọn tí wọ́n ń bọ̀, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ bọ́ wíìgì orí rẹ̀ sílẹ̀.

"Bàbá, ṣé olùjẹ́jọ́ ló gbé báàgì yín yẹn?"

"Ta ni kó gbé e? Ṣé kí n máa dá a gbé, nígbà tí mo ní ìyàwó ọmọ?"

"Ẹ̀yin méjèèjì ń jà o!"

"À ń jà. Ṣé ìjà ló ní kó má gbé báàgì?"

Lọ́yà yíjú sí Ìyàwó. Ìyàwó ní, "Ẹ má dá wọn lóhùn, Sà. Ẹ̀yìn ń dùn wọ́n." Lọ́yà ní nínú gbogbo ọdún tí òun ti ń ṣẹjọ́, òun ò rí irú ọ̀tá báyìí rí.

Ẹjọ́ náà ń lọ bí ẹjọ́ ti í lọ, èyíinì ni pé kò lọ. Adájọ́ ń sún un síwájú. Lọ́jọ́ kan tí wọ́n ń ti kóòtù bọ̀, ọkọ̀ wọn há sí ẹ̀gbẹ́ gáréèjì ńlá kan ní òdìkejì ìlú, níbi tí wọn kì í sábà gbà. Ẹ̀bá fèrèsé ni Bàbá Téèpù jókòó sí. Èrò ń kọjá, Bàbá ń wo èjìká wọn bí àwọn ẹlòmíràn ti ń ka ìwé ìròyìn. Lójijì ló na ọrùn.

Ẹ̀yìn ọkùnrin kan ń lọ láàárín èrò, nínú ṣẹ́ẹ̀tì búlúù tó ní ìlà funfun tín-ín-rín. Bàbá Téèpù mọ aṣọ náà. Òun ló yan án, òun ló gé e, òun ló rán an. Ṣùgbọ́n kì í ṣe aṣọ ló mú un pariwo. Èjìká òsì ẹ̀wù náà kò gbé sókè. Ó gún régé.

"Dúró! Dẹ́rẹ́bà, dúró!"

"Bàbá, ṣé a ń rìn tẹ́lẹ̀ ni?"

Bàbá ti ń gorí ẹsẹ̀ èrò bọ́ sílẹ̀. Ìyá Bọ́tìnnì di etí aṣọ rẹ̀ mú, ó ní, "Bàbá, ẹ jókòó. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jókòó." Kò jókòó. Nígbà tó fi máa délẹ̀, ẹ̀yìn náà ti wọ àárín èrò, ó ti pòórá. Ìyàwó bá a níbi tó dúró sí láàárín títì, ó di ọwọ́ rẹ̀ mú, òun náà ń wo ibi tó ń wò. Ó na ọrùn, ó fi ìka ẹsẹ̀ dúró. Ẹni tó bá fẹ́ kí ẹnì kan kú nínú ìwé kì í na ọrùn báyẹn.

Lọ́jọ́ kejì, ó wà ní ọ́fíìsì lọ́yà.

"Ẹ ní ẹ rí i?"

"Mo rí i. Ṣẹ́ẹ̀tì náà jókòó."

"Ó jókòó síbo?"

"Ó jókòó lára rẹ̀! Lọ́yà, kò sí ara mìíràn lábẹ́ ọ̀run tí ṣẹ́ẹ̀tì yẹn lè jókòó sí. Ẹ̀yin gan-an tí mo rán kóòtù fún, bí ẹ bá wọ̀ ọ́, ẹ ó dà bí adìyẹ tí apá rẹ̀ kan ṣẹ́."

"Ṣé ẹ rí ojú rẹ̀?"

"Kí ni mo fẹ́ fi ojú ṣe?"

Lọ́yà kọ ọ́ sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, Bàbá búra sí i, wọ́n sì gbé e síwájú adájọ́. Adájọ́ kà á, ó tún un kà. Ó ní òun kò lè fi ẹ̀yìn ènìyàn dájọ́. Kí wọ́n lọ mú ẹni tó ni ẹ̀yìn náà wá.

Ìgbà tó tẹ̀ lé ìyẹn ni a rí Bàbá Téèpù tó ń súfèé. Ó gé ṣẹ́ẹ̀tì tuntun fún ọmọ rẹ̀, ó gé òmíràn, ó ní aṣọ ojú omi á ti gbó. Ìyàwó sọ fún Oníná pé kí iná ilé ìwé ṣì wà bẹ́ẹ̀ ná. Ó tú aṣọ fèrèsé yàrá rẹ̀ sílẹ̀, ó fọ̀ ọ́, ó lọ̀ ọ́. Ìyá Bọ́tìnnì nìkan ni kò yí padà. Ó ń gba ẹ̀wù tuntun wọ̀nyí lọ́wọ́ ọkọ rẹ̀, ó ń gán bọ́tìnnì sí wọn, kò sì wí nǹkan kan.

Gáréèjì yẹn wá di ibi iṣẹ́ Bàbá. Ó ń lọ ní àárọ̀, á dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ òpó kan, á máa wo ẹ̀yìn àwọn ènìyàn. Àwọn ará gáréèjì kọ́kọ́ ní olè ni, nígbà tó yá wọ́n ní wèrè ni, nígbà tí wọ́n rí téèpù lọ́rùn rẹ̀ wọ́n ní ìjọba ló rán an láti wá wọn ilẹ̀ gáréèjì, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í fún un ní àga. Orí àga yẹn ló wà lọ́sàn-án ọjọ́ kan tí búlúù oní-ìlà funfun náà fi kọjá níwájú rẹ̀, tó dẹ̀yìn kọ ọ́.

Kò pariwo lọ́tẹ̀ yìí. Ó dìde, ó rìn tẹ̀ lé e wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́, ó gbé ọwọ́ lé èjìká òsì náà. Ìka rẹ̀ dé ibi tí egungun ti sọ̀ kalẹ̀ lábẹ́ ìtẹ́lẹ̀ aṣọ tí òun fúnra rẹ̀ tẹ́ síbẹ̀. Ó ní, "Ọmọ mi."

Ọkùnrin náà yíjú padà. Bàbá Téèpù, tí kì í wo ojú, wo ojú náà. Ó wò ó títí.

Ọkùnrin náà ní, "Bàbá, ẹrù dà?"

Aláàárù ni. Láti kékeré ló ti ń fi èjìká òsì gbé àpò sìmẹ́ǹtì, sìmẹ́ǹtì náà ló sì tẹ èjìká náà wálẹ̀. Bàbá Téèpù ṣì ń wo ojú rẹ̀. Aláàárù bẹ̀rẹ̀ sí í fura.

"Bàbá, ṣé kò sí? Bí ẹ bá ń wá aṣọ yín, èmi ò jí i o. Wọ́n fún mi ni!"

"Mo mọ̀ pé o ò jí i. Ta ló fún ọ?"

"Ìyá kan ni. Ìyá dáadáa. Ó ti pẹ́."

"Ó sọ orúkọ rẹ̀ bí?"

"Rárá o. Ó kàn ń sunkún, ó ń sọ pé kí n yí sọ́tùn-ún, kí n yí sósì. Mo ní ṣé ẹ̀bùn ni mo ń gbà àbí wàhálà?"

Bàbá Téèpù ní, "Gbé apá rẹ sókè." Ọkùnrin náà gbé e. Bàbá ká etí ẹ̀wù náà sókè, ó yí inú rẹ̀ síta, ó rí i pé wọ́n ti dín ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kù láti abẹ́ apá títí dé ìbàdí. Kì í ṣe iṣẹ́ máṣínnì. Iṣẹ́ ọwọ́ ni, ó wẹ́, ó le, gbogbo ojú abẹ́rẹ́ rẹ̀ sì dà sí apá òdì.

Ó tún inú ẹ̀wù náà dá padà, ó fi àtẹ́lẹwọ́ nà án kó má bàa hun. "Ó bá ọ mu," ló sọ. Ó wá yíjú, ó lọ wọkọ̀.

Ìyá Bọ́tìnnì wà níbi iṣẹ́ nígbà tó wọlé. Ó gbójú sókè wò ó, ó sì gbé abẹ́rẹ́ sílẹ̀.

"Ẹ ti rí i," ni Ìyá Bọ́tìnnì wí.

"Mo rí i."

Níta, ẹnì kan ń kọjá lọ, ó kí wọn kú iṣẹ́. Àwọn méjèèjì dá a lóhùn pọ̀, bí ẹni pé kò sí nǹkan.

"Èmi náà ti sá tẹ̀ lé e rí, Bàbá. Mo lọ ra bọ́tìnnì lápá ibẹ̀ yẹn. Kò wọ ẹ̀wù, ó gbé àpò, mo sì rí èjìká ọmọ mi. Mo pariwo orúkọ rẹ̀ láàárín gáréèjì. Mo sáré títí bàtà mi fi já, mo fà á lápá, ó yíjú."

"Kí ló wí?"

"Ó ní, 'Ìyá, ẹrù dà?'"

Ẹ̀rín bọ́ lẹ́nu Bàbá Téèpù kó tó mọ̀. Ó bọ́ lẹ́nu Ìyá Bọ́tìnnì náà. Wọ́n rín in, wọ́n di orí tábìlì ìgéṣọ mú, wọ́n ń rín in. Ìgbà tí ẹ̀rín náà sì yí padà di nǹkan mìíràn, kò sí ẹni tó mọ nínú wọn.

Lẹ́yìn ìgbà pípẹ́, Bàbá ní, "O sì lọ gbé aṣọ rẹ̀ fún un."

"Mo délé, mo ṣí àpótí. Kòkòrò ti bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ ẹ́. Mo ní, aṣọ wà níbí tí kò bá ẹnì kankan mu láyé. Ara kan sì wà níta lọ́hùn-ún tó lè wọ̀ ọ́. Ẹ̀gbẹ́ nìkan ló fẹ̀ díẹ̀."

"Kí ló dé tí o ò sọ fún mi? Nínú ọkọ̀ lọ́jọ́ yẹn, o mọ̀."

"Mo mọ̀. Mo fẹ́ sọ ọ́ nínú ọkọ̀. Mo fẹ́ sọ ọ́ nígbà tí ẹ gé ẹ̀wù tuntun. Ojú yín ń tàn, Bàbá. Ẹ̀yin lẹ ní ọmọ tó ń bọ̀ wá sílé. Kí ni mo ní tí mo lè fi rọ́pò rẹ̀ fún yín?"

Bàbá Téèpù gbé téèpù kúrò lọ́rùn, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ká a mọ́ ìka rẹ̀. "Ìgbà wo lo ti gbà pé ó kú?"

"Ìgbà tí mo ń dín ẹ̀gbẹ́ ẹ̀wù náà kù ni. Bí ìyá bá ṣì ń retí ọmọ, ṣé á lè dín aṣọ rẹ̀ fún ẹlòmíràn? Ọwọ́ mi ló kọ́kọ́ mọ̀, kó tó sọ fún mi." Ó nu ojú rẹ̀. "Bí ẹ bá fẹ́ máa bá ẹjọ́ yín lọ, èmi ò ní dí yín lọ́wọ́. N ó máa di oúnjẹ. Ṣùgbọ́n ìyàwó ọmọ wa ń darúgbó nínú yàrá yẹn, Bàbá. A ò rí ọmọ wa, òun la rí."

Lọ́yà bínú nígbà tó gbọ́. Ó ní ẹjọ́ náà ṣì dúró dáadáa. Aláàárù kì í ṣe Atukọ̀, ó dáa, ṣùgbọ́n ìyẹn ò sọ pé Atukọ̀ kú. "Ẹnì kankan ò tíì rí òkú rẹ̀, Bàbá!"

"Ìyá rẹ̀ ti rí i," ni Bàbá Téèpù fi dá a lóhùn. "Kọ ọ́ pé mo fẹ́ gba ìwé ẹ̀bẹ̀ mi padà."

Ní ọjọ́ ìgbẹ́jọ́, wọ́n tún jọ wọ ọkọ̀ kan náà. Ìyàwó gbé báàgì. Bàbá kò sọ ohun tó fẹ́ ṣe fún un. Ó ní ohun tí ènìyàn bá fẹ́ sọ níwájú adájọ́, kó má ti sọ ọ́ tán nínú ọkọ̀. Nígbà tí wọ́n pe ẹjọ́ wọn, lọ́yà dìde, ó ní oníbàárà òun fẹ́ jáwọ́ nínú ẹ̀bẹ̀ rẹ̀. Adájọ́ bọ́ awò ojú rẹ̀, ó ní kí Bàbá fúnra rẹ̀ dìde.

"Bàbá, ẹ̀yin lẹ kọ ìwé yìí?"

"Èmi ni, Olúwa mi."

"Ẹ sì fẹ́ gbà á padà. Ṣé ẹnì kan fi agbára mú yín?"

"Rárá, Olúwa mi."

"Ṣé wọ́n dẹ́rù bà yín? Ṣé wọ́n ṣèlérí nǹkan fún yín?"

"Kò sí, Olúwa mi."

"Ó yé yín pé ìdájọ́ kóòtù kékeré yóò dúró? Pé lójú òfin, ọmọ yín ti kú nìyẹn?"

Fáànù ń yí. Ìyá Bọ́tìnnì tó jókòó sẹ́yìn tẹjú mọ́lẹ̀.

"Ó yé mi."

"Tọkàntọkàn lẹ fi ń ṣe é?"

"Olúwa mi," ni Bàbá Téèpù wí, "ọwọ́ mi ni mo fi ń ṣe é. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì bi ọkàn."

Lọ́yà fà á láṣọ pé ìdáhùn òfin kọ́ nìyẹn. Ṣùgbọ́n adájọ́ wò ó fún ìgbà díẹ̀, ó gbé awò rẹ̀ padà sójú, ó sì kọ ọ́ sílẹ̀. Ó ní òun gbà á láyè. Wọ́n yọ ẹjọ́ náà kúrò. Ó dùn mí láti sọ fún yín pé ẹjọ́ tó ti gba ọ̀pọ̀ ọdún, píparẹ́ rẹ̀ kò pẹ́ tó gígán bọ́tìnnì kan. Wọ́n ti ń pe ẹjọ́ ilẹ̀ tó kàn kí Bàbá tó rìn dé ẹnu ọ̀nà.

Àga gígùn kan wà ní ọ̀ọ̀dẹ̀ kóòtù. Tọkọtaya náà jókòó síbẹ̀. Ìyàwó kò jókòó. Ó dúró níwájú Bàbá, ó gbé báàgì náà dání síbẹ̀.

"Bàbá, kí ló dé?"

"Ṣé kì í ṣe ohun tí o fẹ́ nìyẹn, ìyàwó mi?"

"Òun ni. Òun ni, Bàbá." Ohùn rẹ̀ ń lọ sókè. "Ṣùgbọ́n ẹ̀yin lẹ ń sọ pé ó ń bọ̀! Gbogbo ìgbà tí mo bá ti sọ fún ara mi pé ó ti kú, tí ó sì fẹ́ wọ̀ mí lára, mo máa ń gbọ́ ìró máṣínnì yín, màá ní bàbá rẹ̀ ò tíì gbà, ó lè má jẹ́ òótọ́. Ẹ̀yin ni mo fi ẹ̀yìn tì. Bí ẹ ò bá jáwọ́, èmi lè máa lọ. Ní báyìí tí ẹ̀yin náà ti gbà, ta ló kù?"

Báàgì já bọ́ lọ́wọ́ Ìyàwó. Ó jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ níbi tó dúró sí, ó gbé orí lé orúnkún àna rẹ̀, ó sì fi igbe ta. Láti ọjọ́ tí ọkọ̀ ti rì, a kò gbọ́ ẹkún Ìyàwó rí. A tilẹ̀ ti ń sọ lẹ́yìn rẹ̀ pé ọkàn rẹ̀ le. Igbe náà gba gbogbo ọ̀ọ̀dẹ̀. Ìyá Bọ́tìnnì bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó dì mọ́ ọn, òun náà bú sẹ́kún. Bàbá Téèpù gbé ọwọ́ lé àwọn méjèèjì lórí, ó ń wo ògiri.

Ilẹ̀kùn kóòtù ṣí díẹ̀. Akọ̀wé kan yọjú, ojú rẹ̀ le.

"Ẹ dákun, ẹ rọra! Adájọ́ ń gbẹ́jọ́ lọ́wọ́. Kí ló ṣẹlẹ̀ gan-an?"

"Ẹ má bínú, Sà," ni Bàbá Téèpù wí. "Ọmọ wa ló kú."

Ojú akọ̀wé rọ̀. "Háà, ẹ pẹ̀lẹ́, Bàbá. Ìgbà wo ló ṣẹlẹ̀?"

"Àárọ̀ òní ni," ni Bàbá dáhùn.

Akọ̀wé náà tẹrí ba. Ó rọra fa ilẹ̀kùn pa dé, kò sì tún sọ fún wọn mọ́ pé kí wọ́n dákẹ́.